Dúpẹ́, mo ti wọ yàrá omi náà

Barcelona,
Ọjọ́ Ajé.

Dúpẹ́ mi ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa ni o wà? Bàbá ńkọ́? Ṣé orúnkún tó ń dùn wọ́n ti ń gbọ́ oògùn? Mo gbọ́ ohùn tí o fi ránṣẹ́ ní òru ọjọ́ tí o gbẹ̀bí àwọn ìbejì yẹn. Mo tún un gbọ́ lẹ́ẹ̀mẹta. O kú iṣẹ́, o kú àìsùn. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí ọwọ́ rẹ rọ.

Mo ṣèlérí fún ọ pé bí mo bá tún dé ìlú kékeré tí mo sọ fún ọ lọ́dún tó kọjá, lẹ́tà ni màá fi ròyìn rẹ̀, kì í ṣe fóònù, torí pé ọ̀rọ̀ fóònù kì í pẹ́ ṣí lọ. Mo ti padà lọ. Bí o bá ti ibi iṣẹ́ dé, na ẹsẹ̀ rẹ, kí o wá kà á.

Besalú ni orúkọ ìlú náà. Àríwá Catalonia ló wà, agbègbè Spain tí Barcelona yìí wà, nǹkan bí 30 kìlómítà sí Girona. Reluwé kò dé ibẹ̀, bọ́ọ̀sì ni wọ́n ń wọ̀. Gbogbo àwọn tó ń gbé ibẹ̀ kò pé 3,000. Mọ́kọ́lá nìkan á gbé wọn mì. Ṣùgbọ́n ìlú yìí ti jẹ́ olú ìlú agbègbè tó dá dúró rí, ó ní olórí tirẹ̀, ó ní àwọn ọmọ ogun tirẹ̀. Odò méjì ló yí i ká, Fluvià àti Capellada, bí wọ́n ṣe máa ń tẹ ìlú dó nígbà tí ogun ò jẹ́ kí èèyàn sùn.

Nígbà àkọ́kọ́ tí mo lọ, èmi nìkan ni mo rìn. Mo ya fọ́tò afárá, mo jẹun, mo tún wọ bọ́ọ̀sì padà. Ilẹ̀kùn kan wà létí odò tí wọ́n tì pa. Mo yọjú títí, mi ò rí nǹkan kan. Lẹ́yìn tí mo délé ni mo gbọ́ pé yàrá omi àtijọ́ kan ló wà lẹ́yìn rẹ̀, àti pé àwọn tó bá bá afinimọ̀nà rìn nìkan ni wọ́n ń ṣí i fún. O ò mọ bó ṣe dùn mí tó. Màmá tí mò ń tọ́jú níbí, ẹni ọdún 89, tún wá fi iyọ̀ sí i. Agbègbè yẹn ni wọ́n bí ọkọ wọn sí. Wọ́n ní, “Bí o ò bá wọ yàrá omi yẹn, o ò tíì dé Besalú.” Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń tọ́jú owó afinimọ̀nà.

Ẹni tó mú wa rìn lọ́tẹ̀ yìí jẹ́ obìnrin kan tó tó ìyá wa lọ́jọ́ orí, irun wọn funfun báláú, wọ́n fi okùn so kọ́kọ́rọ́ kọ́ ọrùn. Àwa méjìlá ni a tẹ̀ lé wọn. Èdè Catalan ni èdè wọn, ṣùgbọ́n Spanish ni wọ́n sọ fún wa, wọ́n sì ń sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀ kí ó lè yé àwa àlejò.

Ẹsẹ̀ afárá ni a ti bẹ̀rẹ̀. Ìyá náà kò kọ́kọ́ sọ ìtàn kankan. Wọ́n ní kí a dúró jẹ́ẹ́, kí a wo afárá náà dáadáa, kí a sọ ohun tí a rí. Dúpẹ́, afárá náà kò tọ́! Ó bẹ̀rẹ̀ bí ẹni tó ń lọ tààrà, nígbà tó dé àárín omi ó yà bí ìgbọ̀nwọ́. Ẹnì kan nínú wa ní bóyá àṣìṣe ni. Ìyá náà mi orí. Wọ́n ní àwọn tó kọ́ ọ kò wá ọ̀nà láti bá odò jà. Àpáta tó wà nísàlẹ̀ omi ni wọ́n gbé òpó rẹ̀ lé, ibi tí àpáta bá wà ni afárá náà ń gbà. Bí àpáta bá yà sọ́tùn-ún, afárá náà yóò yà. Mo tẹ orí wo ìsàlẹ̀, mo sì rí i lóòótọ́: àpáta dúdú ń yọ orí láàárín omi, òpó sì gùn ún bí ẹni gun ẹṣin.

Sọ èyí fún Bàbá. Sọ fún wọn pé ó gùn tó 105 mítà, pé ojú méje tó tẹ̀ bí ọrun ọdẹ ni omi ń gbà kọjá lábẹ́ rẹ̀, ojú méjèèje kò sì dọ́gba, torí àpáta kò jìnnà síra wọn bákan náà. Ìwé àtijọ́ ti dárúkọ afárá kan níbẹ̀ láti ọdún 1075. Àgbàrá bà á jẹ́ ní 1315, wọ́n tún un kọ́. Nígbà tí ogun abẹ́lé Spain ń parí lọ ní 1939, àwọn ọmọ ogun tó ń sá lọ fi àdó fọ́ apá kan rẹ̀ kí àwọn tó ń lé wọn má bàa rí ọ̀nà kọjá. Wọ́n tún padà wá tò ó ní òkúta lé òkúta. Mo gbé àtẹ́lẹwọ́ lé ara ògiri rẹ̀. Oòrùn òwúrọ̀ ti mú un lọ́wọ́ọ́rọ́, ó rí háíháí bí ahọ́n ẹran.

Ní àárín afárá, ilé ìṣọ́ kan dúró tí ó ní ẹnu ọ̀nà. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń gba owó lọ́wọ́ àwọn tó bá fẹ́ gba orí afárá wọ̀lú. Àwọn oníbodè! Nígbà tí ìyá náà ń ṣàlàyé, èmi ò nílò àlàyé mọ́. Mo kàn rí àwọn ìyá alájàpá wa lọ́kàn mi, ẹrù lórí, ọmọ lẹ́yìn, tí wọ́n ń ka owó ẹyọ fún oníbodè kí wọ́n tó lè wọ ọjà.

A wọ inú ìlú. Àwọn òpópónà tóóró, òkúta wẹ́wẹ́ nílẹ̀. Òjò ti rọ̀ lọ́sẹ̀ náà, ilẹ̀ ń yọ̀, bàtà mi sì fẹ́rẹ̀ẹ́ da mí nù lẹ́ẹ̀mejì. Mi ò ní ka gbogbo ilé tí a rí fún ọ. Ìyá náà sọ ìtàn olórí kan fún wa tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Bernat Tallaferro. Tallaferro, èyí ni Agé-irin-bí-ẹni-gé-ẹ̀kọ, bí èmi ṣe túmọ̀ rẹ̀ sí oríkì nínú ọkàn mi. Akin ni lójú ogun, ṣùgbọ́n omi ló gbé e lọ. Ní 1020 ló rì sínú odò Rhône, ní ilẹ̀ Faransé. Nígbà tó di 1111, ẹni tó jẹ olórí kẹ́yìn kú láìbímọ, Besalú sì bọ́ sábẹ́ Barcelona. Bí ìlú náà ṣe ṣẹ́ kù sílẹ̀ nìyẹn, tí ayé gba ibòmíràn kọjá. Mo rò pé ohun tó jẹ́ kí àwọn ilé àtijọ́ rẹ̀ wà títí di òní nìyẹn. Kò sí ẹni tó lówó láti wó wọn.

Iwájú ṣọ́ọ̀ṣì Sant Pere ni mo ti rántí rẹ lákọ̀ọ́kọ́. Miró, tó jẹ́ olórí agbègbè náà tó tún jẹ́ bíṣọ́ọ̀bù Girona, ló dá ilé àwọn mọ́ńkì, àwọn ọkùnrin tó ya ara wọn sọ́tọ̀ fún Ọlọ́run, sílẹ̀ níbẹ̀ ní 977. Kìnnìún òkúta méjì dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé rẹ̀, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì. Pápá gbalasa tó wà níwájú rẹ̀, ibi tí àwọn ọmọdé ti ń gbá bọ́ọ̀lù lọ́jọ́ náà, itẹ́ òkú àwọn mọ́ńkì ni tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ojú mi kò sí lára kìnnìún. Ẹnu ọ̀nà kan tó wà níbẹ̀ ló gbà mí lọ́kàn: ilé ìwòsàn Sant Julià. Láti nǹkan bí 800 ọdún sẹ́yìn ni wọ́n ti ń gba àwọn arìnrìn-àjò tí àárẹ̀ mú àti àwọn tálákà síbẹ̀. Òkúta tí wọ́n gbẹ́ yí ẹnu ọ̀nà náà ká lẹ́wà, àfi bí ẹni pé ọba ló ń gbà á wọlé. Tálákà ni wọ́n ṣe é fún! Mo ronú nípa ilẹ̀kùn ibi tí o ti ń gbẹ̀bí, tí ìwọ àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ dáwó kùn fúnra yín.

Ó wá kan àdúgbò àwọn Júù. Àwọn Júù pọ̀ ní Besalú nígbà kan. Ní 1264, Ọba Jaume Kìíní fún wọn láṣẹ láti kọ́ sínágọ́gù. Oníṣòwò wà nínú wọn, oníṣègùn wà nínú wọn. Ọ̀kan nínú àwọn oníṣègùn náà, Abraham Caslari, kọ ìwé lórí ibà, ó sì tún kọ òmíràn lórí àjàkálẹ̀ àrùn ńlá tó pa àwọn èèyàn bí eṣinṣin ní 1348. Ní ìlú tí kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ yìí!

Ìyá náà mú wa dé ilẹ̀kùn tí mo yọjú sí lọ́dún tó kọjá. Wọ́n bọ́ okùn lọ́rùn, wọ́n ki kọ́kọ́rọ́ bọ ojú ihò, ilẹ̀kùn náà ké. Atẹ́gùn tútù fẹ́ sí wa lójú, ó ń rùn bí inú ìkòkò omi tuntun. Àtẹ̀gùn òkúta 36 ni èèyàn ń sọ̀ dé ìsàlẹ̀. Mo kà wọ́n, torí mo mọ̀ pé o máa bi mí.

Yàrá kékeré ni, Dúpẹ́. Òkúta gbígbẹ́ ni ògiri rẹ̀, wọ́n lẹ̀ mọ́ra débi pé èékánná mi kò wọ àárín wọn. Àjà rẹ̀ tẹ̀ bí inú àgbá tí wọ́n là sí méjì. Fèrèsé kan ṣoṣo ló ní, tóóró, ó kọjú síhà ìlà oòrùn. Ìmọ́lẹ̀ ibẹ̀ wọlé bí ọ̀pá, ó sì fi ẹnu kan ilẹ̀. Ní àárín yàrá náà ni ibi ìwẹ̀ wà, àwọn àtẹ̀gùn kéékèèké sọ̀ lọ sínú rẹ̀, omi díẹ̀ sì wà nísàlẹ̀, ó mọ́ gaara.

Ibi tí àwọn obìnrin Júù ti ń wẹ ìwẹ̀ ìwẹ̀nùmọ́ ni. Bí nǹkan oṣù bá parí, bí ìyàwó bá fẹ́ lọ sílé ọkọ, bí abiyamọ bá bímọ, ibẹ̀ ni wọ́n ń lọ. Àwọn ọkùnrin náà a máa lò ó. Òfin wọn ni pé omi àpọnwá kò gbọdọ̀ jẹ́. Omi tó fúnra rẹ̀ wá ni, omi òjò, omi ìsun, omi odò. Wọn yóò sì rì sínú rẹ̀ pátápátá, irun orí pàápàá kò gbọdọ̀ yọ síta. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi gbẹ́ ẹ wọlẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, kí ó lè bá omi ilẹ̀ àti omi Fluvià pàdé.

Àwọn yòókù ń ya fọ́tò. Èmi dúró, mò ń wo àtẹ̀gùn àkọ́kọ́ tó wọ inú omi. Abiyamọ tí ara rẹ̀ kò tíì san tán, nínú òtútù ilẹ̀ yìí, tó ń sọ̀ kalẹ̀ nínú òkùnkùn! Ta ló ń di apá rẹ̀ mú? Mo rántí ìwọ àti ìyá mi lọ́jọ́ kẹta tí mo bí Tómi, bí ìyá mi ṣe ń da omi gbígbóná sí mi nídìí tí mò ń ké, tí ìwọ di èjìká mi mú, tí o ń sọ fún mi pé ó ti fẹ́ parí, ó ti fẹ́ parí. Ó dá mi lójú pé ẹnì kan di èjìká tiwọn náà mú nínú yàrá yẹn. Mo sunkún díẹ̀. Ìyá afinimọ̀nà rí mi, wọn kò sọ nǹkan kan, wọ́n kàn fi ọwọ́ kan mi lẹ́yìn.

Wọ́n wá sọ bí ó ṣe parí. Wọ́n há àwọn Júù mọ́ àdúgbò tiwọn, ayé ń le sí i fún wọn lọ́dọọdún, wọ́n sì ń ṣí lọ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tó fi máa di 1436, kò sí wọn ní Besalú mọ́. Ní 1492, wọ́n lé gbogbo àwọn Júù tó kù ní Spain jáde. Yàrá omi náà kún fún erùpẹ̀, wọ́n kọ́lé lé e, ẹnikẹ́ni kò rántí rẹ̀ mọ́. Ní 1964 ni wọ́n ń gbẹ́ kànga nínú ilé kan níbẹ̀, tí wọ́n kàn án lójijì. Omi ni wọ́n ń wá, ibi omi àwọn obìnrin wọ̀nyẹn ni wọ́n bá.

Lẹ́yìn náà mo jẹ ẹ̀wà Santa Pau, ẹ̀wà funfun kéékèèké tí wọ́n ń gbìn sórí ilẹ̀ tí òkè oníná tú jáde láyé àtijọ́. Ó rọ̀ bí ìyẹ́, ó ku epo pupa.

Nígbà tí mo délé lálẹ́, Màmá ò tíì sùn. Ohun kan ṣoṣo ni wọ́n bi mí: “Ṣé omi ṣì wà níbẹ̀?” Mo ní ó wà. Wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n yí ojú sí ògiri, wọ́n sùn lọ.

Mo fi fọ́tò méjì sínú àpò ìwé yìí. Ti yàrá omi, tìrẹ ni. Ti afárá, ti Bàbá ni. Bá mi bi wọ́n léèrè, bíríkìlà ni wọ́n: kí ni wọ́n fi ń gbé òkúta ojú afárá dúró kí èyí tó wà láàárín tó bọ́ sípò? Ìyá afinimọ̀nà ní igi ni wọ́n kọ́kọ́ kàn sábẹ́ rẹ̀, tí wọ́n yọ lẹ́yìn. Mo fẹ́ gbọ́ ọ láti ẹnu tiwọn.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ,
Yẹ́misí.