Bí A Ó Bá Fi Ọtí Ṣe Àlejò ní Ìkẹ́rẹ́, Kó Jẹ́ Ẹmu

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú akitiyan. Mo ka lẹ́tà tí òǹkàwé yín kan kọ lórí ọ̀rọ̀ ìrìn-àjò afẹ́ ní Ìpínlẹ̀ Èkìtì. Ó ní ó yẹ kí àwa náà máa ṣe bí wọ́n ṣe ń ṣe ní Róòmù, níbi tí afinimọ̀nà ti ń kó àlejò lẹ́yìn, tí wọ́n ń fẹsẹ̀ rìn káàkiri ìlú àtijọ́, tí wọ́n sì ń tọ́ bíà tí àwọn apọntí kéékèèké pọn wò. Ó dábàá pé Adó ni kí a ti bẹ̀rẹ̀, kí ilé ọtí ńlá kan sì fi bíà inú ìgò gba àwọn àlejò náà nígbà tí wọ́n bá rìn tán. Mo fara mọ́ ìrìn náà tọkàntọkàn. Bíà inú ìgò yẹn ni n kò fara mọ́, n kò sì rò pé Adó ló yẹ kó ṣíwájú.

Ohun tó dára nínú ìrìn ti Róòmù ni pé kò sí ìkánjú níbẹ̀. Àwọn àlejò kì í pọ̀. Wọ́n á dúró níwájú Colosseum, pápá ìwòran àtijọ́ tí wọ́n ṣí ní ọdún 80, wọ́n á wọ Pantheon, tẹ́ńpìlì àtijọ́ tí òrùlé rẹ̀ ṣì wà lórí rẹ̀ láti nǹkan bí 1900 ọdún, wọ́n á wá yà sí àdúgbò kan láti mu ife kan, ẹni tó bu ọtí fún wọn á sì sọ irú ọkà tí wọ́n fi pọn ọ́n àti ìlú tó ti wá. Wáìnì ni gbogbo ayé mọ Ítálì mọ́. Ọdún 1996 ni àwọn apọntí kéékèèké bíi Baladin àti Birrificio Italiano bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbẹ̀, ọdún yẹn gan-an ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀. Ọtí tí kò ju ìpínlẹ̀ wa lọ lọ́jọ́ orí ni wọ́n fi ń gba àlejò ní ìlú tó ti wà kí wọ́n tó bí Jésù, owó sì ń wọlé fún wọn. Kí ló wá dé tí àwa tí a bá ẹmu láyé á fi máa fi bíà tí ọkọ̀ kó wá láti ìlú mìíràn ṣe àlejò?

Ìkẹ́rẹ́ ni kí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, láti ẹnu ọ̀nà ààfin Ògògà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló ń gba Ìkẹ́rẹ́ kọjá lójoojúmọ́ láàárín Àkúrẹ́ sí Adó tí wọn kò mọ ohun tó ti ṣẹlẹ̀ nínú ààfin yẹn. Láàárín 1910 sí 1914, Ọlọ́wẹ̀ ará Ìsẹ̀, ẹni tí wọ́n bí ní Ẹ̀fọ̀n-Aláayè, gbẹ́ òpó àti ilẹ̀kùn síbẹ̀. Ẹ bá mi wo ilẹ̀kùn náà. Apá méjì ni. Ní ọ̀kan, ọba jókòó lórí ìtẹ́ pẹ̀lú adé lórí, olorì dúró lẹ́yìn rẹ̀. Ní èkejì, òyìnbó tó wá ṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ń bọ̀, kò fẹsẹ̀ rìn, ènìyàn ló gbé e, àwọn aláàárù sì ru ẹrù rẹ̀. Ọlọ́wẹ̀ kò gbẹ́ wọn pẹlẹbẹ mọ́ igi o. Ó gbẹ́ wọn yọ síta débi pé orí àwọn mìíràn yí kúrò lára ilẹ̀kùn, tí wọ́n ń wo ẹni tó fẹ́ wọlé lójú kòrókòró. Ìtàn bí ìjọba àjèjì ṣe wọ ilẹ̀ Èkìtì ló wà lára igi yẹn, ọmọ Èkìtì ló sì sọ ọ́ bó ṣe rí i.

Ní 1924, wọ́n gbé ilẹ̀kùn náà lọ sí àfihàn ńlá tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní Wembley. British Museum, ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé-sí ní Lọ́ńdọ̀nù, fẹ́ rà á, Ògògà kò tà á. Níkẹyìn, wọ́n ṣe ìtẹ́ kan ní Ìlú Ọba, wọ́n fi ṣe pàṣípààrọ̀ rẹ̀. Lọ́ńdọ̀nù ni ilẹ̀kùn wà di òní olónìí. Ọ̀kan nínú àwọn òpó náà wà ní Art Institute, ilé ìkó-iṣẹ́-ọnà-sí ní Chicago, ní Amẹ́ríkà: ọba jókòó, ẹyẹ wà lórí adé rẹ̀, olorì dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó sì ga ju ọba lọ fíìfíì. Àwọn ará Chicago ń wọkọ̀ lọ wò ó. Ọmọ ilé ìwé tó wà ní Ìkẹ́rẹ́ níbí lè jáde ìwé mẹ́wàá láìgbọ́ orúkọ Ọlọ́wẹ̀ rí, ọ̀rọ̀ yẹn sì ń dùn mí gan-an. Títí a ó fi rí tiwa gbà padà, kí wọ́n gbé iṣẹ́ fún àwọn agbẹ́gilére Èkìtì kí wọ́n gbẹ́ irú ilẹ̀kùn náà, kí afinimọ̀nà ní ohun tó máa nawọ́ sí.

Láti ààfin, kí wọ́n rìn gba inú ọjà, kí wọ́n lọ sí ìdí Olósùnta. Ẹni tó bá ti rí àpáta náà mọ̀ pé kò sí ibi tí ènìyàn dúró sí nínú ìlú tí kò ní máa wò ó. Ṣùgbọ́n àpáta yìí kì í ṣe ohun tí a kàn ń ya fọ́tò rẹ̀. Wọ́n ń bọ ọ́, ọdọọdún ni wọ́n ń ṣe ọdún rẹ̀. Mo ti rí àwọn àlejò tí ọkọ̀ já sílẹ̀, tí wọ́n gun ibi tó wù wọ́n, tí wọ́n ju ike omi sílẹ̀, tí wọ́n sì bá tiwọn lọ. Kí àwọn tí orò àpáta náà wà lọ́wọ́ wọn sọ ibi tí àlejò lè dé àti ibi tí kò lè dé, kí afinimọ̀nà sì gba àṣẹ kí ẹnikẹ́ni tó gbé ẹsẹ̀ lé e. Onígbàgbọ́ ni mí, n kì í bọ Olósùnta, síbẹ̀ n kò ní fẹ́ kí ẹnì kan wọ ṣọ́ọ̀ṣì mi bẹ́ẹ̀.

Ó wá ku ọ̀rọ̀ ọtí. Ẹmu tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ láàárọ̀ funfun bíi wàrà, ó ń hó ṣùù, ìfófòó ń yọ lẹ́nu akèrègbè, oyin tó lọ mu nínú rẹ̀ ti kú sórí rẹ̀, ẹlẹ́mu á fi ẹnu fẹ́ wọn sẹ́gbẹ̀ẹ́ kó tó bù ú fún ọ. Lásìkò yẹn, ó dùn. Tó bá di ọ̀sán, adùn ti ń dín kù, ó ti ń ta ahọ́n. Tó bá fi máa di ọjọ́ kejì, ó ti kan. Kò sí ẹni tó fi nǹkan kan sí i: ìwúkàrà tó wà nínú afẹ́fẹ́ àti lára akèrègbè ló ń sọ ṣúgà inú rẹ̀ di ọtí, kò sì dúró de ẹnikẹ́ni. Ìdí nìyẹn tí ẹmu tí wọ́n gbé dé Èkó kì í fi í ṣe ẹmu tí wọ́n gbé kúrò ní Ìkẹ́rẹ́ mọ́. Ẹni tó bá fẹ́ mu ojúlówó rẹ̀, àfi kó wá sí ìdí ọ̀pẹ. Àǹfààní ńlá lèyí jẹ́ fún wa. Kí àlejò tọ́ ẹmu wò láàárọ̀ kí ìrìn tó bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n gbé ìyókù pa mọ́ dè é, kó tún tọ́ ọ wò lọ́sàn-án nígbà tó bá sọ̀ kalẹ̀ láti ìdí àpáta. Akèrègbè kan náà, ìtọ́wò méjì. Kí wọ́n sì gbé ògùrọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kí ó fi ahọ́n ara rẹ̀ mọ ìyàtọ̀ láàárín rẹ̀ àti ẹmu ọ̀pẹ.

Ẹni tó bá sọ pé ọtí ọkà lòun fẹ́, ṣẹ̀kẹ̀tẹ́ wà. Wọ́n á rẹ àgbàdo, wọ́n á jẹ́ kó hù, wọ́n á sá a, wọ́n á lọ̀ ọ́, wọ́n á sè é, wọ́n á sẹ́ ẹ, wọ́n á wá fi í sílẹ̀ kó di ọtí. Ohun kan náà ni apọntí Jámánì ń ṣe sí báálì, ọkà tí wọ́n fi ń pọn bíà: ó ń mú un hù kí adùn tó wà nínú rẹ̀ lè jáde. Nígbà tí ìjọba àpapọ̀ fòfin de kíkó báálì tí wọ́n ti mú hù wọ orílẹ̀-èdè yìí ní 1988, ṣebí ọkà bàbà àti àgbàdo ni àwọn ilé iṣẹ́ ọtí ńláńlá sá tọ̀. Àwọn ìyá wa ti mọ̀ ọ́n tipẹ́. Àwọn tó ṣì mọ̀ ọ́n pọn dáadáa ti ń dàgbà, àwọn ọmọ wọn kò sì kọ́ ọ, torí wọn kò rí owó nídìí rẹ̀.

Owó yìí gan-an ló mú mi kọ lẹ́tà. Adẹ́mu ń fi igbà gun ọ̀pẹ láàárọ̀, ó tún ń gùn ún nírọ̀lẹ́, òjò ì báà rọ̀. Bí igbà bá já, kò sí ìjọba tó ń san owó ìtọ́jú rẹ̀. Alágbàtà á ra ẹmu lọ́wọ́ rẹ̀ ní owó pọ́ọ́kú, á bù omi sí i, á tà á ní ìlọ́po. Bí ìrìn yìí bá bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n yọ owó adẹ́mu àti ti ìyá oníṣẹ̀kẹ̀tẹ́ láti inú owó tí àlejò san, kó má kéré sí ti afinimọ̀nà, kí wọ́n kà á lé wọn lọ́wọ́ lọ́jọ́ náà. Kí adẹ́mu fúnra rẹ̀ sọ̀rọ̀ nípa iṣẹ́ rẹ̀, bó bá tilẹ̀ jẹ́ èdè Ìkẹ́rẹ́ pọ́ńbélé ló sọ, kí afinimọ̀nà túmọ̀ rẹ̀.

Mo mọ̀ pé àwọn kan á ní a fẹ́ sọ ìlú di ibi ọ̀mùtí. Ọ̀rọ̀ wọn kì í ṣe ọ̀rọ̀ àsọdànù. Kí ẹnikẹ́ni tí kò tíì pé ọdún 18 má ṣe fọwọ́ kan ọtí, kí zóbò tútù wà fún ẹni tí kì í mu. Kí wọ́n gún iyán fún àlejò, kó yó, kó tó kan ẹmu ọ̀sán tó ti le. Kí ògógóró má sí níbẹ̀ rárá, torí a kò tíì gbàgbé àwọn tó kú ní Odé-Ìrèlè, Ìpínlẹ̀ Oǹdó, ní 2015, tí wọ́n ní methanol, irú ọtí olóró kan, tó wà nínú ohun tí wọ́n mu ló pa wọ́n. Ife kékeré ni kí wọ́n máa bù, kí ẹnikẹ́ni tó bá mu má sì wa ọkọ̀ padà sí Àkúrẹ́ tàbí Adó.

Ohun tí mo ń bẹ ìjọba ìbílẹ̀ àti àwọn tó ń rí sí ìrìn-àjò afẹ́ ní Adó ni pé kí wọ́n dúró di ẹ̀ẹ̀rùn, torí àpáta máa ń yọ̀ lákòókò òjò. Kí wọ́n fi àlejò díẹ̀ dán an wò ní Sátidé kan. Kí wọ́n sì pe àwọn adẹ́mu, àwọn ìyá oníṣẹ̀kẹ̀tẹ́ àti àwọn olórò Olósùnta sí ìpàdé kí wọ́n tó tẹ ìwé ìpolówó kankan jáde, kí iye tí oníkálukú máa gbà ti wà lákọsílẹ̀.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín láti Ìkẹ́rẹ́-Èkìtì