Kí àwọn òṣèré wa náà bá wa dá sí ọ̀rọ̀ sìgá

Olóòtú wa ọ̀wọ́n,

Mo tún wo ìkìlọ̀ tí Yul Brynner, òṣèré Amẹ́ríkà tó máa ń fá orí kodoro nì, fi sílẹ̀ kó tó kú. Ọmọ ọdún 12 ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í fa sìgá. Ó jáwọ́ ní 1971, ọdún tí Amẹ́ríkà lé ìpolówó sìgá kúrò lórí rédíò àti tẹlifíṣọ̀n. Síbẹ̀, ní 1983, wọ́n bá jẹjẹrẹ nínú ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀. Ní oṣù kìíní 1985 ó jókòó síwájú kámẹ́rà, ó ní ó wu òun kí wọ́n ṣe ìpolówó kan níbi tí òun yóò ti máa sọ fáráyé, nígbà tí òun bá ti lọ, pé kí wọ́n má fa sìgá. Oṣù kẹwàá ọdún yẹn ló kú. Ẹgbẹ́ tó ń gbógun ti jẹjẹrẹ lọ́hùn-ún gé ọ̀rọ̀ náà jáde, wọ́n sì gbé e sáfẹ́fẹ́. Kò pariwo, kò bú ẹnikẹ́ni, ó kàn tẹjú mọ́ mi ni. Ara mi bù máṣọ.

Ẹni tó bá ti tó ogójì ọdún lọ́dọ̀ wa yóò rántí ìkìlọ̀ tí wọ́n máa ń sáré kà lẹ́yìn ìpolówó sìgá, pé ẹni tó ń mu ún lè tètè kú. Àwa ọmọdé sọ ọ́ di eré àṣedárayá. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin wà láàárín wa. Sìgá tó kọ́kọ́ fà, bí òṣèré kan ṣe ń dì í mú nínú fíìmù lòun náà ṣe dì í mú. Èmi ló rán lọ ra ìṣáná. Ó ti di olóògbé báyìí.

Mo mọ̀ pé òfin 2015 ti ká ìpolówó tábà lọ́wọ́ kò ní Nàìjíríà, àti pé ní 2024 àjọ tó ń yẹ fíìmù wò ní àwọn ò fẹ́ kí wọ́n máa fi sìgá ṣe fáàrí mọ́. Ó dára. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n mi kì í ka òfin. Òṣèré ló ń wò. Kí àwọn gbajúmọ̀ wa tó ti di sìgá mú lójú agbo jókòó fún ìṣẹ́jú kan péré, kí wọ́n bá àwọn ọmọ wa sọ̀rọ̀ ní Yorùbá, kí àìsàn tó dé. Kí àwọn iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n sì gbé e lọ́fẹ̀ẹ́ kí ìròyìn alẹ́ tó bẹ̀rẹ̀.

Olóòtú, ẹ̀yin lẹ máa ń fọ̀rọ̀ wá wọn lẹ́nu wò. Ẹ bá wa bi wọ́n bóyá wọ́n á ṣe é.

Àbúrò olóògbé kan,
Ìbàdàn.