Mojísọ́lá, ṣé lẹ́tà yẹn ti lọ?

Iléṣà,
Ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn.

Mojísọ́lá, Àṣàkẹ́ ọmọ mi,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Ọjọ́ mẹ́tàdínlógún rèé tí a ti gbóhùn rẹ gbẹ̀yìn. Àwa wà dáadáa. Orúnkún màmá àgbà ti fúyẹ́, wọ́n ti padà sídìí ẹ̀gúsí wọn, wọ́n ní kí n kí ọ. A ti tún òrùlé ẹ̀yìnkùlé kàn. Ewúrẹ́ dúdú bí méjì.

Ohun tó mú mi jókòó kọ̀wé nìyí. Ẹ̀gbọ́n rẹ Dàmọ́lá fi lẹ́tà tí o ní kó bá ọ yẹ̀ wò hàn mí, èyí tí o fẹ́ fi ránṣẹ́ sí ọ̀jọ̀gbọ́n yín ní Ítálì níbẹ̀ kí wọ́n lè kọ̀wé jẹ́rìí rẹ nítorí owó ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́. Ìlà kìíní ni mo kà tí àyà mi já: "Egregious Professor". Mo ní bóyá ọwọ́ rẹ ló ṣì í. Mo kà á dé ìsàlẹ̀, mo tún bá a níbẹ̀: "I thank you for your egregious kindness". Mojísọ́lá, ṣé lẹ́tà yẹn ti lọ? Bí kò bá tíì lọ, má tẹ nǹkan kan. Ka èyí tán ná.

Ṣé o mọ ohun tí o kọ? "Mo dúpẹ́ fún inúure yín tó burú jáì" ni o kọ. Ẹni tí o fẹ́ kó jẹ́rìí rere nípa rẹ, ìwọ ni o kọ́kọ́ jẹ́rìí burúkú nípa rẹ̀, láti orí ìkíni. Mo mọ̀ pé ọ̀wọ̀ ló wà lọ́kàn rẹ. Ẹni tó máa ka lẹ́tà náà kò rí ọkàn rẹ o, ìwé ló rí.

Mo mọ ibi tí o ti kó o. Àwọn ará Ítálì a máa fi "Egregio Professore" bẹ̀rẹ̀ lẹ́tà sí ọkùnrin tí wọ́n bọ̀wọ̀ fún, wọ́n tilẹ̀ máa ń gé e kúrú sí "Egr. Prof." Bí o ṣe ń rí i lára pátákó àti nínú ímeèlì lójoojúmọ́ ni o ṣe rò pé kí o kàn yí ìdí rẹ̀ padà, kó di Gẹ̀ẹ́sì. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọmọ ìyá kan ni ọ̀rọ̀ méjèèjì, àmọ́ ọ̀nà wọn ti yà tipẹ́.

Látìnì ni ìyá wọn. "Grex" ni agbo ẹran, "e" tàbí "ex" sì ni "jáde kúrò nínú". Egregius wá ni èyí tó yọ láàrin agbo, tí ojú ń tètè rí nítorí pé kò jọ ìyókù. O ti mọ àwọn ẹbí rẹ̀ tipẹ́: "congregation" tí ẹ̀ ń jẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì, agbo tó péjọ ni, "segregate", kí a ya apá kan agbo sọ́tọ̀, "gregarious", ẹni tó fẹ́ràn àárín ẹgbẹ́. Bí o bá fi agbo àgùntàn sọ́kàn, o ò ní gbàgbé gbogbo wọn. Ṣùgbọ́n agbo yẹn kò sọ fún ọ bóyá ẹran tó yọ jáde sanra ni tàbí ó ní èkúkú. Ibẹ̀ ni wàhálà ti wọlé.

Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà wọ inú Gẹ̀ẹ́sì, láàrin ọdún 1500 sí 1600, ohun rere ló túmọ̀ sí: ẹni ńlá, ẹni tó tayọ. Kí ọ̀rúndún yẹn tó parí, àwọn èèyàn ti ń lò ó fún aburú, àwọn onímọ̀ èdè sì rò pé ìyìn ẹ̀gàn ló bí i. Irú rẹ̀ wà lẹ́nu wa. Ọmọ da ọbẹ̀ nù, ìyá rẹ̀ ní, "O káre o! O kú iṣẹ́!" Ṣé ìyìn nìyẹn? Bí gbogbo èèyàn bá ń sọ "o káre" fún ọmọ tó da ọbẹ̀ nù nìkan fún ọgọ́rùn-ún ọdún, tí wọn ò sọ ọ́ fún ẹlòmíì mọ́, níkẹyìn èébú ni yóò dà. Bó ṣe ṣẹlẹ̀ sí "egregious" nìyẹn. Ìtumọ̀ rere kú mọ́ ọn lára, ti burúkú ló kù. Ìwé tó ti pẹ́ gan-an nìkan ni o ti lè rí ti rere mọ́.

Ní Ítálì, kò sí ẹni tó fi ṣe ẹ̀gàn dé ibi tí ìyìn á fi kú. Bákan náà ni Potogí: àwọn agbẹjọ́rò ní Bùràsíìlì ṣì ń pe ilé ẹjọ́ gíga ní "Egrégio Tribunal" títí dòní, ọ̀wọ̀ ni. Agbẹjọ́rò tó bá tú u sí "egregious court" lédè Gẹ̀ẹ́sì ti bú adájọ́ nìyẹn. Ìwọ náà, ṣé lẹ́tà yẹn ti lọ? Mò ń bi ọ́ lẹ́ẹ̀kan sí i.

Jọ̀ọ́, má bínú pé mo ń pariwo. Mo mọ̀ pé òtútù wà níbẹ̀, mo mọ̀ pé ìwé pọ̀, pé òru ni o fi ń kọ irú lẹ́tà báyìí. Ṣé o ń jẹun? Gààrí tí a fi rán ẹni tó ń bọ̀ lọ́hùn-ún á dé láìpẹ́.

Ẹ jẹ́ ká padà sí i. Bí wọ́n ṣe ń lo ọ̀rọ̀ yìí lónìí, ohun mẹ́ta ló gbọ́dọ̀ pé sí ara nǹkan kí o tó pè é ní egregious. Ó gbọ́dọ̀ burú. Ó gbọ́dọ̀ burú ju bí irú rẹ̀ ṣe sábà máa ń burú lọ. Burúkú rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ hàn sí ẹni tó bá wò ó, láìjẹ́ pé a ń wá a pẹ̀lú àtùpà. Akọ̀wé tó kọ "recieve" dípò "receive" ṣe àṣìṣe, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Dókítà tó gé ẹsẹ̀ ọ̀tún nígbà tó jẹ́ pé ti òsì ló ń ṣàìsàn, "an egregious error" nìyẹn. Bí o bá fẹ́ mú un wá sí Yorùbá, wo "ògbólógbòó": a máa ń sọ pé ògbólógbòó olè, ògbólógbòó òpùrọ́, etí rẹ kò sì ní gba "ògbólógbòó onínúure" láé. Bí etí rẹ ṣe kọ ìyẹn ni etí ẹni tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dáadáa ṣe máa kọ "egregious kindness". Ìyàtọ̀ kan wà: ènìyàn ni ògbólógbòó sábà máa ń bá lọ, lónìí ìwà àti ìṣe ni egregious sábà máa ń bá lọ. "Egregious liar" ṣeé sọ, ó kàn dún bí ọ̀rọ̀ àwọn àgbà.

Ọ̀rọ̀ orúkọ (noun) tó tẹ̀ lé e ni kí o máa wò. Àwọn tí wọ́n jọ ń rìn ni error, mistake, violation, breach, abuse, misconduct, lie. Gbogbo wọn ti burú fúnra wọn, egregious ló wá fi bí wọ́n ṣe burú tó hàn. Bí orúkọ náà kò bá gbé rere tàbí búburú dání, bíi "example" tàbí "case", egregious á fa á sí búburú: "an egregious example" ni àpẹẹrẹ tó burú jù. Bí orúkọ náà bá jẹ́ ti rere, bíi kindness, gbólóhùn náà fọ́ nìyẹn. Èyí tí mo máa ń fi dán an wò ni pé kí o fi "tó burú jáì" rọ́pò rẹ̀ ní Yorùbá, kí o sì kà á sókè. Àṣìṣe tó burú jáì: ó dúró. Inúure tó burú jáì: ìwọ náà gbọ́ ọ.

"An" ló ń ṣáájú rẹ̀, kì í ṣe "a". Lẹ́tà "r" kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀, lẹ́yìn "g" àkọ́kọ́. Ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń fi òmíràn kún un lẹ́yìn "g" kejì, kó di "egregrious", ìyẹn kò sí. Sílébù mẹ́ta ni lẹ́nu: ì, gríì, jọ̀ọ̀s, àárín ni ohùn ti ń tẹ̀ ẹ́. Má pè é ní sílébù márùn-ún bí a ṣe máa ń ṣe nílé níbí. Àti "very egregious", fi "very" sílẹ̀, ọ̀rọ̀ náà ti ga tó.

Bí o bá ní ẹjọ́ gidi láti rò, nígbà yẹn ni kí o mú un jáde, kí o sì fọwọ́ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ mú un. Onílé tó pẹ́ ọjọ́ méjì kó tó dá owó ìdúró ilé (deposit) rẹ padà kò tíì ṣe ohun egregious. Bó bá gba owó náà tó tún kó ẹrù rẹ síta lóru láìkọ̀wé sí ọ, o lè kọ "an egregious breach", kí ẹ̀rí sì wà lọ́wọ́ rẹ, torí ẹni tó bá kà á á béèrè pé kí ló ṣẹlẹ̀. Má sì pa á pọ̀ mọ́ àwọn tó jọ ọ́. "Flagrant" ń sọ pé wọ́n ṣe é lójú gbogbo ayé láìbìkítà. "Blatant" náà, kò ṣe é fi pamọ́. Egregious ń wọn bí nǹkan náà ṣe burú tó. "Gross", bíi "gross misconduct", ọ̀rọ̀ ìwé òfin iṣẹ́ ni, ó lè lé èèyàn kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ kan náà.

Ẹ̀bi mi wà nínú gbogbo èyí, n kò lè sá fún un. Láti ìgbà tí o ti wà ní kékeré, gbogbo ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì gígùn tí o bá sọ ni mo ń pàtẹ́wọ́ fún. N kì í bi ọ́ pé kí ló túmọ̀ sí. Bàbá rẹ bá mi sọ ọ́, wọ́n ní, "Ìyá Mojí, ọmọ yìí ń kó ọ̀rọ̀ jọ bí ẹni ń kó ìkarahun." Mo ní owú ni. Olùkọ́ Gẹ̀ẹ́sì ni mí, ó yẹ kí n mọ̀ pé ọ̀rọ̀ tí a kò mọ ibi tó ti ń jáde wá kì í gbọ́ tẹni. Fún ọmọ ẹlòmíì, pẹ́ńsù pupa ni mò ń fà sí i. Fún ìwọ, àtẹ́wọ́.

Nítorí náà, gbọ́ bí o ṣe máa tún un ṣe. Bí Gẹ̀ẹ́sì ni o fi ń kọ, "Dear Professor" àti orúkọ ìdílé wọn, ó ti tó, ọ̀wọ̀ kò dín. Kọ "your great kindness". Bí o bá fẹ́ èyí tó wúwo díẹ̀, "exceptional" tàbí "outstanding". Àwọn wọ̀nyí yọ láàrin agbo sí apá rere. Bí èdè Ítálì ni, fi Egregio sílẹ̀ bó ṣe wà, ó dára níbẹ̀. Àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n yunifásítì tún ní "Chiarissimo" tiwọn, ìyẹn náà kò ṣeé tú ní tààrà, "ẹni tó mọ́lẹ̀ jù lọ" ló máa dà. Obìnrin, "Gentile" ni wọ́n sábà máa ń fi kí i, onínúure ni ìtumọ̀ rẹ̀. Ìyẹn ló tún léwu jù: lédè Gẹ̀ẹ́sì, "Gentile" ni ohun tí Bíbélì wa ń pè ní Kèfèrí. Mo bẹ̀ ọ́, má lọ kí obìnrin kan ní Kèfèrí.

Bí ó bá sì ti lọ, má sunkún, má sì dákẹ́. Ìdákẹ́ ni kò ní ṣe ọ́ lóore. Fi èyí ránṣẹ́ lónìí, kò gbọdọ̀ gùn ju báyìí lọ: "Dear Professor, in my last letter I wrote 'egregious' where I meant 'distinguished'. I took it from the Italian 'egregio'. I am sorry for the mistake, and I remain grateful for your kindness." Má ṣàlàyé jù. Ará Ítálì ni wọ́n, bí wọ́n bá ti rí "egregio" níbẹ̀, ibi tí ẹsẹ̀ rẹ ti yọ̀ á yé wọn. Àwọn tó máa ka ìwé owó ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ náà ni ẹ̀rù wọn ń bà mí, nítorí n kò mọ̀ bóyá o kọ irú ọ̀rọ̀ kan náà sí wọn. Ṣé o kọ ọ́? Dàmọ́lá ní lẹ́tà kan ṣoṣo ni òun rí.

Wo àwọn ìwé tó kù pẹ̀lú. Bí o bá rí "fulsome" tí o fi yin ẹnikẹ́ni, yọ ọ́, ìyìn àyìnjù tó ń rí èèyàn lára ni ọ̀pọ̀ èèyàn máa kà á sí. Bí o bá rí "notorious", yọ òun náà, ẹni tí òkìkí burúkú kàn ni.

Mo ti ní kí Dàmọ́lá tẹ lẹ́tà yìí sórí WhatsApp ní alẹ́ òní, kó má baà pẹ́ lọ́nà. Bó bá ti dé ọ lọ́wọ́, kódà bó jẹ́ ààjìn òru, pè mí. N kò ní pa fóònù. Ohun kan ṣoṣo ni kí o kọ́kọ́ sọ kí o tó kí mi: ó ti lọ, tàbí kò tíì lọ.

Ìyá rẹ.