Lẹ́tà sí Fanny Burney, ẹni tó ń wọṣọ fún Olorì Charlotte

Àǹtí Fanny mi,

Ẹ kò mọ̀ mí, ẹ kò sì lè mọ̀ mí. Láti ọdún 1840 lẹ ti fi ilẹ̀ bora, èmi sì ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ka àkọsílẹ̀ ojoojúmọ́ yín ni. Mo ń pè yín ní Àǹtí nítorí pé ọmọ ọdún 34 péré ni yín, tí ẹ kò sì tíì lọ́kọ, nígbà tí wọ́n mú yín wọ ààfin ọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní oṣù Keje ọdún 1786.

Wọ́n ti fi ọ̀gá yín, Olorì Charlotte, ṣe fíìmù lóde òní, ohun kan ṣoṣo ni àwọn èèyàn sì ń bi ara wọn: ṣé aláwọ̀ dúdú ni àbí kì í ṣe bẹ́ẹ̀? Àwọn tó ní aláwọ̀ dúdú ni ń tọ́ka sí ìyá ńlá kan ní ilẹ̀ Potogí, ẹni tó ti gbé ayé ní nǹkan bí 500 ọdún kí wọ́n tó bí Olorì. Ẹ jẹ́ kí wọ́n máa jà á lọ. Ohun tí èmi fẹ́ mọ̀ ni bí obìnrin náà ṣe ń jí, bó ṣe ń sùn, àti ohun tó ń sọ nígbà tí aṣọ oyè kò tíì sí lọ́rùn rẹ̀. Ẹ̀yin lẹ mọ̀ ọ́n, torí ọdún márùn-ún lẹ fi dúró lẹ́yìn rẹ̀.

Bàbá yín ni mo kọ́kọ́ fẹ́ bá wíjọ́. Òǹkọ̀wé tí gbogbo London ń gbé gẹ̀gẹ̀ lẹ jẹ́ nígbà yẹn: ìwé ìtàn àròsọ yín àkọ́kọ́ ti jáde ní 1778 láìsí orúkọ yín lára rẹ̀, èkejì sì tẹ̀ lé e ní 1782. Ní ìparí ọdún 1785 lẹ bá ọba àti olorì pàdé nílé Ìyá Delany ní Windsor, ilé tí Ọba George Kẹta fi ta ìyá arúgbó náà lọ́rẹ. Oṣù díẹ̀ lẹ́yìn náà ni ìpè dé. Wọ́n ní kí ẹ wá di igbákejì olùtọ́jú aṣọ Olorì: £200 lọ́dún, yàrá láàfin, ìránṣẹ́kùnrin kan. Ọkàn yín dàrú. Bàbá yín, Dókítà Burney, ní tirẹ̀, olórin tí ipò olórí ẹgbẹ́ olórin ọba ṣẹ̀ṣẹ̀ bọ́ mọ́ lọ́wọ́ lọ́dún yẹn kan náà, inú rẹ̀ dùn débi pé kò wo ojú ọmọ rẹ̀ dáadáa. Mo mọ irú àwọn bàbá bẹ́ẹ̀. Ọmọ wọn ti wọ ilé ọba, ó parí. Ta ni yóò tún bèèrè bóyá ọmọ ń rí oorun sùn?

Ẹ kò sì rí i sùn. Aago mẹ́fà àárọ̀ lẹ ti dìde, ẹ múra, ẹ jókòó ti ìpè. Tí ìpè bá dé, Ìyá Thielky, ìránṣẹ́bìnrin tó ń tọ́jú yàrá aṣọ, á máa na aṣọ sí yín ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ̀yin á sì máa wọ̀ ọ́ fún Olorì. Lọ́sàn-án, ẹ tún bẹ̀rẹ̀: èyí ni ti irun, Olorì á sì máa ka ìwé ìròyìn títí wọ́n á fi parí rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni oúnjẹ alẹ́, lẹ́yìn rẹ̀ ni tíì pẹ̀lú àwọn ológun tó ń sin ọba, àti lẹ́yìn aago mọ́kànlá òru, agogo á tún dún kí ẹ lọ bọ́ gbogbo ohun tí ẹ ti wọ̀ fún Olorì. Aṣáà Olorì, ẹ̀yin lẹ ń pò ó. Agogo yẹn ló dùn yín jù, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ẹni tí ìwé rẹ̀ wà lórí tábìlì gbogbo ọlọ́lá ìlú, agogo ni wọ́n fi ń pè é.

Iṣẹ́ wíwé gèlè àti mímúra fún ìyàwó ni mo ń ṣe ní London yìí, nítorí náà, mo ka apá yẹn bí ẹni tó ti wà níbẹ̀. Obìnrin tó jókòó síwájú dígí, tí ọwọ́ ẹlòmíràn wà lára rẹ̀ láti orí dé ẹsẹ̀, ó lè sọ ohun tí kò ní sọ fún ọkọ. Èyí ló jẹ́ kí n dúró pẹ́ níbi tí Olorì ti sọ fún yín nípa ohun ọ̀ṣọ́ rẹ̀. Ọmọ ọdún 17 ni nígbà tó dé láti Mecklenburg-Strelitz ní ilẹ̀ Jámánì ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1761. Ọjọ́ tó wọ London náà ni wọ́n so ó pọ̀ mọ́ ọkọ tí kò rí rí, kò sì gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Kò tíì pé oṣù kan, ó ti dé adé. Ó ní òun rò pé òun yóò máa wọ dáyámọ́ńdì títí ayé. Ọ̀sẹ̀ kan, tàbí méjì, ó ti sú u: wàhálà wíwọ̀, wàhálà títọ́jú, ẹ̀rù pé kó má sọnù. Aṣọ tó ń wọ̀ tẹ́lẹ̀ nílé ló ń wù ú. Ẹ kọ gbólóhùn yẹn sílẹ̀, ẹ sì kọjá lọ bí ẹni pé kò sí nǹkan ńlá níbẹ̀. Èmi kò tètè kọjá.

Ẹ tún kọ ọ́ pé tí wọ́n bá fẹ́ da páúdà sí irun rẹ̀, ó máa ń ní kí ẹ jáde kí páúdà má bà yín láṣọ jẹ́. Nínú àwọn tí mo ti múra fún, mélòó ló rántí pé èmi náà wọṣọ?

Ní ti ìlànà ààfin, ẹ̀rín pa mí. Kí ẹ tó gbaṣẹ́ rárá lẹ ti fi lẹ́tà ẹ̀fẹ̀ ránṣẹ́ sílé nípa bí èèyàn ṣe ń dúró níwájú ọba: bí ikọ́ bá gbé ọ lọ́fun, gbé e mì, má sín, bí pínnì bá gún ọ lórí, má yọ ọ́, bó bá sì dùn ọ́ kọjá àlà, kí o rọra bu ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ jẹ nínú. Oṣù Kẹjọ ọdún 1786, ẹ̀fẹ̀ di òótọ́. Ẹ tẹ̀ lé wọn lọ sí Oxford, ẹ dúró lórí ìdúró láti àárọ̀, kò sí oúnjẹ, kò sí ìjókòó. Àwọn ọkùnrin kan jí búrẹ́dì àti èso ápíríkọ́ọ̀tì wọlé fún yín, ẹ sá pamọ́ sí yàrá kan ẹ ń jẹ ẹ́, àfi bí ilẹ̀kùn ṣe ṣí tí Olorì wọlé! A kì í kẹ̀yìn sí ọba, ìyẹn kò ṣàjèjì sí Yorùbá. Ṣùgbọ́n kí èèyàn fi ẹ̀yìn rìn gba gbọ̀ngàn gígùn kọjá pẹ̀lú aṣọ tó ń wọ́ nílẹ̀, ìyẹn fẹ́ àdúrà.

N kò ní sọ púpọ̀ lórí Màdámú Schwellenberg, ọ̀gá yín tó tẹ̀ lé Olorì wá láti Jámánì. Ẹ ti sọ tó. Obìnrin tó ń sin àkèré, tó ń kan àpótí aṣáà rẹ̀ kí wọ́n lè dáhùn, tó sì ṣí fèrèsé kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin sílẹ̀ nínú òtútù títí ojú yín fi wú. Ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ pẹ̀lú àwọn àkèré rẹ̀.

Ní ìgbẹ̀yìn ọdún 1788 ni ọpọlọ Kábíyèsí dàrú. Ó ń sọ̀rọ̀ láìdákẹ́ títí ohùn rẹ̀ fi há. Ọjọ́ 5 oṣù Kọkànlá ló kọjú ìjà sí àkọ́bí rẹ̀ nídìí oúnjẹ. Wọ́n kó gbogbo ilé lọ sí Kew, ilé ọba mìíràn nítòsí London, tí a kò kọ́ fún ìgbà òtútù, débi pé àpò iyanrìn ni wọ́n fi ń dí ẹsẹ̀ ilẹ̀kùn àti fèrèsé. Dókítà Willis dé ní oṣù Kejìlá pẹ̀lú ẹ̀wù tí wọ́n fi ń di aláìsàn lápá. Láàárọ̀ kùtù, ẹ̀yin lẹ ń lọ dúró de àwọn tó ṣọ́ ọba mọ́jú, kí ẹ lè gbé bí òru ti rí lọ fún Olorì. Ẹ wo ohun tí ẹ ń sọ! Obìnrin tó bí ọmọ 15 fún ọkùnrin kan, ilé kan náà ni wọ́n wà, ẹnu ìránṣẹ́ ló ti ń gbọ́ bí ọkọ òun ṣe sùn. Irun rẹ̀ di funfun.

Àwọn òǹkàwé yín fẹ́ràn ti ọjọ́ 2 oṣù Kejì ọdún 1789, nígbà tí ọba rí yín nínú ọgbà Kew, tí ẹ sá, tó gbá tẹ̀ lé yín tó ń pariwo orúkọ yín, tí àwọn dókítà ní kí ẹ dúró torí eré yẹn ń pa á lára. Ó bá yín, ó fẹnu kò yín lẹ́rẹ̀kẹ́, ó sì rojọ́ ọkàn rẹ̀ fún yín. Ìtàn tó dùn ni. Ẹni tí kò sí nínú ọgbà lọ́jọ́ náà, Olorì, ni mo ń rò.

Ẹ̀yin náà wá ń rù, ẹ ń ṣàìsàn, àwọn ọ̀rẹ́ yín sì ń sọ ọ́ níta pé iṣẹ́ yìí yóò pa yín. Ní ìparí 1790 lẹ fi ìwé ìfiṣẹ́sílẹ̀ ránṣẹ́ sí Olorì. Ẹ kọ ọ́ pé bó bá jẹ́ ti Màdámú Schwellenberg ni, ẹ̀wọ̀n Bastille ni ì bá ju ẹ̀yin àti bàbá yín sí. Ọjọ́ 7 oṣù Keje ọdún 1791 lẹ jáde, pẹ̀lú £100 lọ́dún láti ọwọ́ Olorì, ìdajì owó oṣù yín. Owó yẹn lẹ gbẹ́kẹ̀ lé nígbà tí ẹ fẹ́ ọ̀gágun Faransé tí kò ní kọ́bọ̀ ní 1793.

Gbogbo ẹni tó ka ìwé yín ló ń káàánú yín, wọ́n jàre. Ṣùgbọ́n Àǹtí, ẹ ní ilẹ̀kùn. Ẹ kọ ìwé, ẹ rí ẹni gbà á. Ta ni Olorì yóò kọ tirẹ̀ sí? Ọkọ rẹ̀ ti kìlọ̀ fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ pé kó má dá sí ọ̀rọ̀ ìjọba. Ó gbọ́, ó gbájú mọ́ ọmọ bíbí àti ìgbàlejò. Ohun tó sì burú níbẹ̀ ni pé nígbà tí ìbẹ̀rù gbà á lọ́kàn, ó di àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà mú ṣinṣin, ọba pẹ̀lú kò sì fẹ́ kí wọ́n lọ́kọ. Àkọ́bí wọn tó ọdún 30 kó tó rí ọkọ fẹ́ ní 1797. Mary di ẹni 40, Elizabeth di ẹni 47. Augusta àti Sophia kò ṣègbéyàwó tí ìlú mọ̀ sí rárá. Amelia kú ní 1810, ọmọ ọdún 27. N kò lè gbè é lẹ́yìn lórí èyí. Ẹni tí wọ́n tì mọ́lé ló tún ń ti àwọn ọmọ rẹ̀ mọ́lé.

Ní oṣù Keje ọdún 1796 ẹ padà lọ sí Windsor, ẹ gbé ìwé yín kẹta lé Olorì lọ́wọ́, orúkọ Olorì wà níwájú ìwé náà. Wọ́n fún yín ní owó gínì 100. Ẹ kọ ọ́ pẹ̀lú ìdùnnú, mo sì bá yín yọ̀. Ẹ jáde, ẹ wọ kẹ̀kẹ́, ẹ padà sílé bá ọmọ yín. Àwọn ọmọbìnrin mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ṣì wà lábẹ́ ìyá wọn.

Èmi ni,
Àbúrò yín kan ní London